Ida àti Àsìkò Ọjọ́ Iwájú Nínú Èdè Kòríà: Ìtàn Àríyànjiyàn Kan

Nínú gbogbo ọ̀rọ̀ tí àwọn onímọ̀ gírámà èdè Kòríà ti jiyàn lé lórí láti nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún sẹ́yìn, kò sí èyí tí ó kéré tó ida, bẹ́ẹ̀ ni kò sí èyí tí ó dá ariwo sílẹ̀ tó o. Sílébù méjì péré ni. Iṣẹ́ tí ó ń ṣe fún àwọn ará Kòríà kò sì fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí èyí tí ni ń ṣe fún àwa Yorùbá nígbà tí a bá sọ pé "Akẹ́kọ̀ọ́ ni." Síbẹ̀, àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n tí wọ́n jọ jìyà nínú ẹ̀wọ̀n nítorí èdè wọn kò lè fohùn ṣọ̀kan lórí ohun tí ó yẹ kí a pe ọ̀rọ̀ kékeré yìí.

Ọ̀rọ̀ kejì tí ó mú àríyànjiyàn wá ni àsìkò ọjọ́ iwájú. Ẹni tí ó bá kọ́kọ́ gbọ́ yóò rò pé ọ̀tọ̀ ni ti ida, ọ̀tọ̀ ni ti ọjọ́ iwájú. Ṣùgbọ́n bí a bá tú wọn dé gbòǹgbò, a ó rí i pé wọ́n bá ara wọn tan ju bí a ti rò lọ. Kí n tó máa bá ọ̀rọ̀ mi lọ, ẹ jẹ́ kí n sọ pé àwọn ará Kòríà ní lẹ́tà tiwọn. Lẹ́tà Róòmù ni mo fi kọ àwọn àpẹẹrẹ inú àròkọ yìí kí ó lè rọrùn láti kà, mo sì fi àmì kékeré ya ẹ̀ka ọ̀rọ̀ kan sí èkejì.

Ní èdè Kòríà, ìparí gbólóhùn ni ọ̀rọ̀-ìṣe máa ń wà. Haksaeng ni akẹ́kọ̀ọ́, haksaeng-ida ni "akẹ́kọ̀ọ́ ni." Uisa ni dókítà, nítorí pé fáwẹ̀lì ni ó parí ọ̀rọ̀ yìí, i inú ida lè pòórá, kí a sì gbọ́ uisa-da. Bí ọ̀rọ̀ bá gba ìbọ̀wọ̀, bí ìgbà tí ènìyàn ń bá àlejò tàbí ọ̀gá sọ̀rọ̀, haksaeng-imnida ni yóò wí. Bí ó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ojoojúmọ́ tí ọ̀wọ̀ ṣì wà nínú rẹ̀, haksaeng-ieyo ni, tàbí uisa-yeyo lẹ́yìn fáwẹ̀lì. Àwa a máa fi ẹ àti wọ́n bọ̀wọ̀ fún àgbà. Ìrù ọ̀rọ̀ ni àwọn ará Kòríà ń so ọ̀wọ̀ fún ẹni tí ń gbọ́ wọn mọ́. Ida tún ń yí lọ báyìí: haksaeng-ieotda, "akẹ́kọ̀ọ́ ni nígbà kan rí", haksaeng-imyeon, "bí ó bá jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́", haksaeng-in chingu, "ọ̀rẹ́ tí ó jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́." Bí a bá sì fẹ́ kọ ọ̀rọ̀ náà, anida ni a ó pè wá ṣiṣẹ́: haksaeng-i anida, "kì í ṣe akẹ́kọ̀ọ́." Níhìn-ín, ọ̀rọ̀ wọn jọ tiwa. Kò sí ọmọ Yorùbá tí yóò sọ pé "akẹ́kọ̀ọ́ kò ni". Kì í ṣe ni ó ń wá gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ni.

Ibo wá ni wàhálà wà? Ida ń lẹ̀ mọ́ ọ̀rọ̀-orúkọ gẹ́gẹ́ bí àwọn atọ́ka ṣe ń lẹ̀ mọ́ ọn, bí -i tí ń tọ́ka olùwà àti -eul tí ń tọ́ka àbọ̀. Kò lè dá dúró láìsí ọ̀rọ̀ níwájú rẹ̀. Nípa èyí, ènìyàn lè ní atọ́ka ni. Ṣùgbọ́n atọ́ka mìíràn kì í yí padà láti fi ìgbà tàbí ọ̀wọ̀ hàn. Ida ń yí bí ọ̀rọ̀-ìṣe àti ọ̀rọ̀-àpèjúwe ti ń yí. Ṣé kí a pè é ní ọ̀rọ̀-ìṣe nígbà náà? Ọ̀rọ̀-ìṣe wo ni ìpìlẹ̀ rẹ̀ ń pòórá pátápátá bí fáwẹ̀lì bá ti wà níwájú rẹ̀? Bí àdán ni ida rí, tí kò ṣe eku, tí kò sì ṣe ẹyẹ.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti àná. Kí àwọn ará Kòríà tó ní lẹ́tà tiwọn, lẹ́tà Ṣáínà ni wọ́n fi ń kọ èdè wọn lọ́nà kan tí wọ́n ń pè ní idu, wọ́n sì ti yan lẹ́tà kan, èyí tí àwọn ará Ṣáínà fi ń kọ ọ̀rọ̀ tí ó túmọ̀ sí "èyí," láti dúró fún i inú ida. Ọba Sejong ni ó ṣẹ̀dá lẹ́tà 28 ní ọdún 1443. Ní 1444, Choe Mal-li àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ nínú àwọn ọ̀mọ̀wé ààfin kọ̀wé láti ta kò ó, ṣùgbọ́n ọba kò yẹsẹ̀. Ní 1446 ó gbé ìwé Hunminjeongeum jáde láti fi lẹ́tà náà lé àwọn ènìyàn rẹ̀ lọ́wọ́. Láti inú àwọn ìwé tí wọ́n kọ lẹ́yìn náà, bí Yongbieocheonga àti Seokbosangjeol ti ọdún 1447, ni a ti lè rí bí ida ṣe ń rìn láyé ọjọ́un.

Bí kọ́ńsónáǹtì bá parí ọ̀rọ̀-orúkọ, i ń dúró gbọn-in. Bí fáwẹ̀lì bá parí rẹ̀, i ń wọ inú fáwẹ̀lì náà, àwọn méjèèjì a di ohùn kan. Bí ó bá sì jẹ́ pé i gan-an ni ó parí ọ̀rọ̀, a kò ní rí ida mọ́ rárá, ìrù rẹ̀ nìkan ni a ó rí. Ohun mìíràn tún wà tí ó ṣe pàtàkì fún ọ̀rọ̀ tí ń bọ̀. Òpó ìparí gbólóhùn ní èdè náà ni -da. Ṣùgbọ́n bí -da bá tẹ̀lé i inú ida, -ra ni ó ń dà: -ira ni wọ́n ń kọ, kì í ṣe -ida. Àpá àṣà yìí kò tíì parẹ́ lónìí. Ẹni tí ó bá ń ròyìn ọ̀rọ̀ ẹlòmíràn, tí ó fẹ́ sọ pé "ó ní akẹ́kọ̀ọ́ ni òun," haksaeng-irago ni yóò wí. Bí ó bá wí pé haksaeng-idago, wọn yóò mọ̀ pé àlejò ni nínú èdè náà.

Ẹ jẹ́ kí a wá wo ọjọ́ iwájú. Ní ọ̀rúndún kẹẹ̀ẹ́dógún, -ri- ni wọ́n fi ń sọ ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ tàbí ohun tí a pinnu láti ṣe: ha-ri-ra, "yóò ṣe é." Ẹ kíyè sí ìparí rẹ̀. Kì í ṣe -da ni ó tẹ̀lé -ri-, -ra ni, gẹ́gẹ́ bí ó ti máa ń tẹ̀lé ida. Òótọ́ ni pé -ra tún ń tẹ̀lé àwọn ẹ̀ka ọ̀rọ̀ bíi mélòó kan mìíràn, nítorí náà ẹ̀rí yìí nìkan kò tó láti fi dájọ́. Ṣùgbọ́n èdè náà ní ẹ̀ka ọ̀rọ̀ kan, -l, tí ó ń so ọ̀rọ̀-ìṣe mọ́ ọ̀rọ̀-orúkọ bí ìṣẹ̀lẹ̀ kò bá tíì wáyé: ga-n saram ni "ẹni tí ó lọ," ga-l saram ni "ẹni tí yóò lọ." Àwọn onímọ̀ tí wọ́n tọpasẹ̀ -ri- wò ó pé -l yìí ni ó pàdé i inú ida, tí wọ́n sì di ọ̀kan. Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, a jẹ́ pé àmì ọjọ́ iwájú tí ó lọ́jọ́ lórí jù lọ nínú àwọn ìwé tí wọ́n fi lẹ́tà Sejong kọ kò ju "ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ ni" lọ ní ìpìlẹ̀ rẹ̀.

Lóde òní, -ri- ti di ohun inú ewì, Bíbélì àti ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ́. Ohun méjì ni ó gba ipò rẹ̀. Ti àkọ́kọ́ kò ṣòro láti tú, nítorí pé gbangba ni ó wà: ga-l geos-ida, "yóò lọ." Geot ni "nǹkan" tàbí "ọ̀ràn." Bí a bá tò ó bí ó ti wà, "ọ̀ràn tí yóò lọ ni" ni wọ́n ń wí. Ida tún dé! Ohun tí èdè náà ti ṣe nígbà láéláé tí ó fi bí -ri- ni ó tún ṣe lẹ́ẹ̀kejì. Nínú ọ̀rọ̀ ẹnu, wọ́n ń gé e kúrú sí ga-l geoyeyo tàbí ga-l geomnida, tí ẹni tí kò fetí sílẹ̀ dáadáa kò fi ní mọ̀ pé ida wà nínú rẹ̀ rárá. Bí a bá sì fẹ́ fi ida fúnra rẹ̀ sí ọjọ́ iwájú, ìgbà méjì ni yóò hàn nínú gbólóhùn kan ṣoṣo: haksaeng-i-l geos-ida. Ṣùgbọ́n ẹ ṣọ́ra! Gbólóhùn yìí kì í sábà túmọ̀ sí pé ẹnì kan yóò di akẹ́kọ̀ọ́ lọ́la. Ohun tí wọ́n máa ń fi í sọ ni pé "ó ní láti jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́," bí ìgbà tí a rí ọmọ kan tí ó gbé ìwé lọ́wọ́ tí a sì ń méfò. Bí ọmọdé bá fẹ́ sọ pé òun yóò di dókítà, doeda, "dì," ni yóò lò: uisa-ga doel geos-ida. Àwọn àjèjì tí ń kọ́ èdè Kòríà a máa ṣi èyí lò lójoojúmọ́, nítorí pé wọ́n ń wá ìbátan "will be" ti Gẹ̀ẹ́sì kiri.

Ohun kejì tí ó gba ipò -ri- ni -get-. Ìtàn tirẹ̀ yà mí lẹ́nu ju ti àkọ́kọ́ lọ. Kò sí i nínú àwọn ìwé ayé Sejong. Ìgbà tí ọ̀rúndún kejìdínlógún ń lọ sópin ni ó yọjú, ọ̀kan nínú ibi tí àwọn onímọ̀ sì ti máa ń wá a ni Hanjungnok, ìwé ìrántí tí aya Àrẹ̀mọ Sado, Hyegyeong, kọ láàárín 1795 sí 1805. Obìnrin yìí rí ohun tí ojú kì í rí kó má sunkún. Ní ọdún 1762, Ọba Yeongjo pàṣẹ kí ọmọ bíbí inú rẹ̀, tí í ṣe ọkọ obìnrin náà, wọ inú àpótí ìrẹsì. Inú rẹ̀ ni wọ́n tì í mọ́ títí ó fi kú. Nígbà tí opó náà dàgbà, ó kọ ohun tí ó mọ̀ sílẹ̀, kì í ṣe ní èdè Ṣáínà tí àwọn ọkùnrin ààfin fi ń ṣe ìwé, bí kò ṣe ní èdè àti lẹ́tà Kòríà. Ìwé bẹ́ẹ̀ sún mọ́ bí wọ́n ti ń sọ̀rọ̀ láàrin ilé, ìdí nìyí tí àwọn ẹ̀ka ọ̀rọ̀ tuntun tí kò sí nínú àwọn ìwé ńláńlá fi fara hàn nínú rẹ̀.

Àlàyé tí ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà ni pé -ge hayeot- ni ó sún kì di -get-. Ìtumọ̀ -ge ni "kí ó lè," ha- ni "ṣe," -yeot- sì ni àmì ohun tí ó ti kọjá. A lè fi wé "ti mú kí ó," tàbí "ti ṣètò kí ó." Ohun tí ènìyàn ti ṣètò rẹ̀ sílẹ̀, ọ̀nà ni ó wà tí ń bọ̀, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ nípa ètò ṣe di ọ̀rọ̀ nípa ọ̀la. Ẹ wò ó: àmì ọjọ́ iwájú tí wọ́n ń lò lójoojúmọ́ gbé àmì ohun tí ó ti kọjá sínú. Kò sì sí èyí tí a bí ní "àsìkò ọjọ́ iwájú" nínú àwọn mẹ́ta tí a kà sílẹ̀ yìí.

Ohun tí àwọn àlejò kọ́kọ́ wá nínú èdè náà sì nìyẹn. John Ross, míṣọ́nnárì ará Skọ́tílándì tí ó ń ṣiṣẹ́ ní Manchuria, tẹ Corean Primer jáde ní Shanghai ní 1877. Bíṣọ́ọ̀bù Ridel, ará Faransé, tẹ gírámà tirẹ̀ jáde ní Yokohama ní 1881; ó to ọ̀rọ̀-orúkọ Kòríà lẹ́sẹẹsẹ bí ẹni ń to ọ̀rọ̀ Látìn. Horace Underwood, ará Amẹ́ríkà tí ó gúnlẹ̀ sí Kòríà ní 1885, tẹ tirẹ̀ jáde ní ìlú Yokohama kan náà ní 1890. Iṣẹ́ takuntakun ni wọ́n ṣe, kò yẹ kí a fojú tín-ín-rín rẹ̀, àwa tí a mọ gírámà Yorùbá tí Bowen tẹ̀ ní 1858 sì mọ ohun tí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ń ná ènìyàn. Ṣùgbọ́n àpótí tí wọ́n gbé ti ilé wá ni wọ́n ń wá ohun tí wọn yóò kó sí. Èdè wọn ní ọ̀rọ̀-ìṣe tí ó túmọ̀ sí "jẹ́," nítorí náà ti Kòríà náà ní láti ní i. Èdè wọn ní àná, òní àti ọ̀la, nítorí náà wọ́n wá ibi tí wọn yóò fi ọ̀la sí.

Ọmọ ilẹ̀ náà tí ó kọ́kọ́ fi gbogbo ayé rẹ̀ fún gírámà Kòríà ni Ju Si-gyeong, tí wọ́n bí ní 1876. Ilé-ẹ̀kọ́ àwọn míṣọ́nnárì tí a ń pè ní Baejae ni ó lọ, ó sì bá Seo Jae-pil ṣiṣẹ́ nídìí ìwé ìròyìn Dongnip Sinmun, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1896 tí wọ́n sì fi lẹ́tà Kòríà nìkan kọ. Láti ilé-ẹ̀kọ́ kan sí èkejì ni ó ń lọ kọ́ni, ìwé rẹ̀ wà nínú aṣọ tí ó fi dì í lẹ́rù, títí àwọn ènìyàn fi sọ ọ́ ní Ju Ẹlẹ́rù. Ní 1910, ó tẹ Gugeo Munbeop jáde, èyí ni "Gírámà Èdè Orílẹ̀-èdè." Ìsọ̀rí mẹ́sàn-án ni ó pín ọ̀rọ̀ sí, ó sì fún ìkọ̀ọ̀kan ní orúkọ onísílébù kan tí ó gé láti inú èdè àbínibí rẹ̀: im, eot, um, gyeot àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Ní oṣù kẹjọ ọdún yẹn kan náà, Jàpáànù gba Kòríà mọ́ ara rẹ̀. Nígbà tí ìwé náà tún jáde ní 1911, àkọlé rẹ̀ ti di Joseoneo Munbeop, "Gírámà Èdè Joseon," nítorí pé láti ìgbà náà lọ, èdè Jàpáànù ni òfin mọ̀ sí "èdè orílẹ̀-èdè." Ju kú ní 1914. Kò tíì pé ẹni ogójì ọdún.

Ọ̀kan nínú àwọn tí ó kọ́ ni Choe Hyeon-bae, ọmọ Ulsan, tí wọ́n bí ní 1894. Ó kàwé ní Hiroshima àti Kyoto ní ilẹ̀ Jàpáànù, ó sì padà wá di olùkọ́ ní Yonhui, kọ́lẹ́ẹ̀jì tí ó di Yunifásítì Yonsei. Ní 1937 ni ó tẹ Urimalbon jáde. Ìtumọ̀ àkọlé náà ni "Gírámà Èdè Wa," kò sì sí ọ̀rọ̀ Ṣáínà kankan nínú rẹ̀. Báyìí náà ni ó ṣe sọ àwọn ìsọ̀rí ọ̀rọ̀ mẹ́wàá rẹ̀ lórúkọ. Ireumssi ni ọ̀rọ̀-orúkọ, nítorí pé ireum ni "orúkọ", umjikssi ni ọ̀rọ̀-ìṣe, nítorí pé umjik jẹ mọ́ kí nǹkan máa mira, geurimssi ni ọ̀rọ̀-àpèjúwe, nítorí pé geurim ni "àwòrán." Nígbà tí ó dé orí ida, kò wá ilé onílé fún un. Ó yan yàrá kan fún òun àti anida nìkan, ó pè é ní jabeumssi. Ìpìlẹ̀ orúkọ yìí ni jab-, "dì mú." Ida kì í sọ ohun tí nǹkan ṣe, kì í sì í ya àwòrán bí nǹkan ṣe rí, ńṣe ni ó ń di nǹkan mú tí ó ń sọ pé ohun tí ó jẹ́ gan-an nìyí.

Lójú tèmi, orúkọ yìí dára púpọ̀. Ẹni tí ó bá gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan yóò mọ iṣẹ́ tí ida ń ṣe láìlọ sí ìwé atúmọ̀-èdè. Ṣùgbọ́n nígbà tí Choe dé orí àsìkò, ohun tí ó ṣe yàtọ̀ sí èyí. Ó ka àsìkò méjìlá fún èdè Kòríà: ti òní, ti àná, ti ọ̀la, ó sì pín ìkọ̀ọ̀kan sí mẹ́rin gẹ́gẹ́ bí ìṣẹ̀lẹ̀ bá ti parí tàbí tí ó bá ń lọ lọ́wọ́. Ẹni tí ó bá kọ́ gírámà Gẹ̀ẹ́sì nílé-ẹ̀kọ́ yóò mọ ibi tí èjìlá yẹn ti wá. Orúkọ àbínibí ni ó fún wọn, ṣùgbọ́n àpótí àwọn àlejò ni wọ́n wà nínú rẹ̀. Ó pé mi lójú pé ọkùnrin tí kò jẹ́ kí ida wọ ilé onílé kò rí i pé -get- náà ń bẹ̀bẹ̀ fún ilé tirẹ̀.

Àwọn aláṣẹ Jàpáànù kò bìkítà fún ìyàtọ̀ láàrin jabeumssi àti ọ̀rọ̀-ìṣe. Ohun tí ó kàn wọ́n ni pé Ẹgbẹ́ Onímọ̀ Èdè Kòríà, Joseoneo Hakhoe, ń ṣe ìwé atúmọ̀-èdè ní àkókò tí wọ́n ti ń lé èdè náà kúrò ní ilé-ẹ̀kọ́. Láti oṣù kẹwàá ọdún 1942 ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í kó àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà. Ènìyàn 33 ni ọ̀ràn náà kàn. Hamhung ní apá àríwá ni wọ́n kó àwọn tí wọ́n mú lọ. Yi Yun-jae kú sí túbú ní 1943, Han Jing kú ní 1944. Wọ́n dá ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́rin fún Choe Hyeon-bae. Ẹlòmíràn tí ó wà ní Hamhung pẹ̀lú rẹ̀ ni Yi Hui-seung, ẹni tí wọ́n bí ní 1896, tí òun náà jẹ́ ọ̀jọ̀gbọ́n nínú èdè Kòríà. Oṣù kẹjọ ọdún 1945, nígbà tí Jàpáànù túúbá, ni wọ́n tó jáde. Ìwé àfọwọ́kọ ìwé atúmọ̀-èdè wọn, tí wọ́n ti gbà lọ́wọ́ wọn gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí ẹ̀ṣẹ̀, kò sí níbì kankan. Ní oṣù kẹsàn-án ni wọ́n rí i nínú ilé ìkẹ́rùsí ibùdó rélùwéè Seoul. Láti 1947 sí 1957 ni wọ́n fi tẹ ìdìpọ̀ mẹ́fà rẹ̀ jáde.

Èèyàn yóò rò pé àwọn tí wọ́n jọ jẹ ẹ̀wọ̀n yóò máa fi ẹnu kan sọ̀rọ̀ títí ayé. Kò rí bẹ́ẹ̀. Nígbà tí ó di pé kí wọ́n kọ gírámà tí àwọn ọmọ òmìnira yóò kà nílé-ẹ̀kọ́, Choe wà ní apá kan, Yi Hui-seung wà ní apá kejì. Choe fẹ́ malbon, ọ̀rọ̀ àbínibí fún gírámà. Yi fẹ́ munbeop, ọ̀rọ̀ tí ó ti Ṣáínà wá tí gbogbo ènìyàn ti mọ̀. Choe fẹ́ kí jabeumssi dá dúró. Nínú gírámà tí Yi tẹ̀ ní 1949, ìsọ̀rí mẹ́wàá ni ó wà níbẹ̀ pẹ̀lú, ṣùgbọ́n kò sí àyè kankan fún ida láàrin wọn gẹ́gẹ́ bí ọ̀rọ̀ tí ó dá dúró. Kò sì yẹ kí a rò pé ọ̀kan fẹ́ràn èdè rẹ̀ ju èkejì lọ. Àwọn méjèèjì ni wọ́n ti fi ara san án. Ohun tí Yi ń bẹ̀rù ni kí olùkọ́ máa ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀ tí òbí ọmọ kò ní gbọ́. Ohun tí Choe ń bẹ̀rù ni kí ọmọ máa ka gírámà èdè ìyá rẹ̀ bí ẹni ń ka ti àjèjì.

Ìjọba gúúsù pe ìgbìmọ̀ jọ kí wọ́n lè fi òpin sí i. Ní 1963, wọ́n fọwọ́ sí ìsọ̀rí ọ̀rọ̀ mẹ́sàn-án àti orúkọ gírámà 252 fún gbogbo ilé-ẹ̀kọ́. Jabeumssi kò sí nínú wọn. Seosulgyeok josa ni wọ́n pe ida, èyí ni "atọ́ka tí ń sọ ọ̀rọ̀-orúkọ di kókó gbólóhùn," wọ́n sì tì í sáàárín àwọn atọ́ka bí -i àti -eul. Ṣùgbọ́n wọ́n ní láti fi gbólóhùn kan kún un pé láàrin gbogbo atọ́ka, òun nìkan ni ó ń yí padà. Nígbà tí ìwé gírámà kan ṣoṣo tí ìjọba fọwọ́ sí jáde fún àwọn ilé-ẹ̀kọ́ gíga ní 1985, bẹ́ẹ̀ náà ni ó wà níbẹ̀. Choe kò sí láyé mọ́, ó ti kú ní 1970. Yi wà láyé títí di 1989. Ní apá àríwá, wọ́n ya ọ̀nà tiwọn: wọ́n ka i inú ida sí ẹ̀ka ọ̀rọ̀ tí ń sọ ọ̀rọ̀-orúkọ di ohun tí ó lè gba ìrù ọ̀rọ̀-ìṣe, wọ́n sì pè é ní bakkumto, láti inú ọ̀rọ̀ tí ó túmọ̀ sí "pa dà."

Ti àsìkò méjìlá kò pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ kí ó tó wó. Àwọn tí wọ́n tún -get- yẹ̀ wò kò ní wàhálà púpọ̀ láti fi hàn pé kì í ṣe ọ̀la ni iṣẹ́ rẹ̀. Ẹ gbọ́ gbólóhùn yìí: eoje biga watgetda, "òjò á ti rọ̀ lánàá." Àná ni eoje, ó sì ti kọjá, kí ni àmì ọjọ́ iwájú ń wá níbẹ̀? Ẹ gbọ́ òmíràn: algesseumnida, tí ọmọ iṣẹ́ ń sọ fún ọ̀gá rẹ̀. Kì í ṣe "yóò yé mi" ni ó ń wí, "ó ti yé mi, sà" ni. Bí mo bá ní jega hagesseumnida, "èmi ni n ó ṣe é," ìpinnu mi ni mo ń sọ. Bí mo bá wo ojú ọ̀run tí mo ní biga ogetda, "òjò yóò rọ̀," àmì tí mo rí ni mo fi ń sọ̀rọ̀. Ìmèfò àti ìpinnu ni iṣẹ́ -get-. Ọ̀la kàn ń bá wọn rìn nígbà púpọ̀ ni, nítorí pé ohun tí kò tíì ṣẹlẹ̀ ni a sábà máa ń méfò tí a sì ń pinnu. Àwa náà kò jìnnà síbẹ̀. Ẹni tí ó bá sọ fún mi pé "Bàbá yóò ti délé báyìí" kò sọ̀rọ̀ nípa ọ̀la rárá. Lónìí, ọ̀pọ̀ onímọ̀ èdè Kòríà gbà pé àsìkò méjì péré ni èdè náà ní, ti ohun tí ó ti kọjá àti ti ohun tí kò kọjá.

Ida ní tirẹ̀ kò tíì rí ìdájọ́ tí ó kádìí. Nígbà tí ìwé atúmọ̀-èdè ńlá tí ìjọba gúúsù ṣe onígbọ̀wọ́ rẹ̀ jáde ní 1999, wọ́n kọ ida sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí atọ́ka, bí ilé-ẹ̀kọ́ ti wí. Lẹ́yìn èyí ni wọ́n fi àlàyé kan sí i pé àwọn onímọ̀ kan kà á sí ìsọ̀rí tí ń di nǹkan mú, àwọn kan kà á sí ọ̀rọ̀-àpèjúwe, àwọn mìíràn sì kà á sí ìrù ọ̀rọ̀ lásán, ṣùgbọ́n pé atọ́ka ni gírámà ilé-ẹ̀kọ́ kà á sí ní báyìí.